Ohun Tí Òkè Ẹ̀fọ̀n Kọ́ Mi Nípa Òkè Agbohùn

Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ ìtàn àròsọ, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ ń dá ilẹ̀ tí kò sí láyé sílẹ̀ látinú orí ara yín, ẹ̀yin ni mo ń bá sọ̀rọ̀. Bó pẹ́ bó yá, ẹ ó kan òkè. Ẹ ó fẹ́ òkè tó léwu, òkè abàmì tí wọ́n ń lọ tí wọn kì í bọ̀. Mo ti kọ irú rẹ̀. Ó gba òru lọ́wọ́ mi, ó gba owó dátà, ó lé àwọn òǹkàwé tí mo fẹ́ràn lọ, ó sì fi ọrùn ẹsẹ̀ kan sílẹ̀ fún mi tó máa ń ro mí bí òjò bá ti ṣú. Mo fẹ́ kí ẹlòmíràn gba ọ̀nà tó yá ju èyí tí mo gbà lọ.

Iṣẹ́ ìránṣọ ni mo ń ṣe ní Adó-Èkìtì. Lálẹ́, tí àwọn ọmọṣẹ́ bá ti lọ, tí wọ́n sì ti mú iná lọ, mo máa ń jókòó sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ, màá sì máa fi fóònù kọ ìtàn. Orí WhatsApp ni mo ti ń fi í ránṣẹ́, orí kan lọ́sẹ̀, sí àwọn òǹkàwé tó bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ àwọn oníbàárà mi, tó sì tàn dé Ìkẹ́rẹ́, Ìkọ̀lé àti Ọ̀yẹ́. Ilẹ̀ tí mo dá sílẹ̀ ń jẹ́ Olúmèrè. Ìpẹ̀kun rẹ̀ ni Òkè Agbohùn wà, òkè méje tó sé ọ̀nà láàárín Olúmèrè àti ibi tí iyọ̀ ti ń wá. Adétòún, ọmọbìnrin ọlọ́jà kan, gbọ́dọ̀ kọjá níbẹ̀ lọ wá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin tó bá àwọn oníyọ̀ lọ tí kò padà.

Ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ dùn. Mo fi ẹyẹ tó ń tu iná sórí òkè kìn-ín-ní. Mo fi òkúta tó ń lé èèyàn sórí èkejì, iwin tí kò lórí sórí ẹ̀kẹta, kànga tí èèyàn ti ń rí ọjọ́ ikú ara rẹ̀ sórí ẹ̀kẹrin. Ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ ni mo ń wá ohun tó máa ju ti ọ̀sẹ̀ tó kọjá lọ. Bí Adétòún bá sì ti kó sí wàhálà, ońdè kan á jáde látinú ẹrù rẹ̀, tí ìyá rẹ̀ ti fi síbẹ̀ láìjẹ́ pé a mọ̀. Àwọn èèyàn ń pariwo, wọ́n ń fi ohùn ránṣẹ́, wọ́n ní kí n má jẹ́ kí orí tó kàn pẹ́. Inú mi dùn débi pé mi ò kíyè sí i nígbà tí ariwo náà bẹ̀rẹ̀ sí í dínkù.

Màmá kan ní Ìkẹ́rẹ́, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, ló la ọ̀rọ̀ náà fún mi. Ó pè mí lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Ó ní, “Ọmọ mi, mò ń ka ìtàn rẹ o, àmọ́ àyà mi ò já fún Adétòún mọ́. Mo ti mọ̀ pé o ò ní jẹ́ kí nǹkan ṣe é.” Mo ní, “Ẹ ṣeun, mà.” Nígbà tó pa fóònù, mi ò lè ran aṣọ tó wà níwájú mi mọ́.

Ohun tí Màmá sọ yẹn ni gbogbo ọ̀rọ̀ mi dá lé. Ohun abàmì pọ̀ lórí òkè mi, òfin ni kò sí níbẹ̀. Ẹyẹ lè tu iná lónìí kó má tu ú lọ́la, bó bá ṣe wù mí. Ońdè lè mú iwin, kó má mú òkúta, bó bá ṣe wù mí. Òǹkàwé sì gbọ́n, kíá ló máa mọ̀ pé kì í ṣe òkè ni Adétòún ń bá jà, èmi ni, èmi sì fẹ́ràn rẹ̀.

Láàárín ìgbà yẹn náà ni ọ̀dọ́kùnrin kan tó ń kọ́ nípa ilẹ̀ àti òkúta ní yunifásítì wo àwòrán ilẹ̀ tí mo yà fún Olúmèrè. Mo ti ya odò kan tó ṣẹ̀ ní ìsàlẹ̀ lápá ọ̀dọ̀ wa, tó gba àárín òkè kẹta àti ìkẹrin kọjá, tó wá pín sí mẹ́ta ní òdìkejì. Ó bi mí pé, “Àǹtí, báwo ni omi yìí ṣe gun òkè?” Mo fẹ́ sọ pé ilẹ̀ abàmì ni. Ṣùgbọ́n mi ò tíì kọ ọ́ níbikíbi pé omi Olúmèrè ń gun òkè. Bí omi bá máa gun òkè nínú ìtàn, kó jẹ́ pé gbogbo omi ibẹ̀ ló ń gùn ún, kí alágbàfọ̀ mọ̀ ọ́n, kí apẹja mọ̀ ọ́n, kí ọmọdé tó ń pọnmi mọ ibi tó yẹ kó gbé koto sí. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, kí ó máa sọ̀ kalẹ̀ bí omi ayé wa. Ìgèdè-Èkìtì níbí ni odò Ọ̀ṣun ti ṣẹ̀. Ó kéré níbẹ̀. Àwọn odò mìíràn ló ń wọ inú rẹ̀ lọ́nà títí tó fi di odò ńlá. Omi máa ń pàdé bó ṣe ń lọ sí ìsàlẹ̀, kì í sábà pínyà àfi tó bá kù díẹ̀ kó wọ òkun. Láti ọjọ́ yẹn, odò ni mo kọ́kọ́ máa ń yà sórí àwòrán ilẹ̀, kí n tó ya ìlú, torí ibi tí omi bá wà ni àwọn èèyàn á tẹ̀dó sí.

Ọmọkùnrin kan náà ló bá mi wo ọ̀rọ̀ gíga. Mo ti kọ ọ́ pé òkè karùn-ún ga ju Kilimanjaro lọ, èyí tí gíga rẹ̀ jẹ́ mítà 5,895, àti pé orí rẹ̀ ni Adétòún ti se ẹ̀wà, ó jẹ ẹ́ yó, ó sì sáré sọ̀ kalẹ̀. Ní nǹkan bíi mítà 5,500, agbára afẹ́fẹ́ ti dín sí ìdajì èyí tó wà létí òkun. Ẹni tó bá gun ibẹ̀ lójijì, orí á máa fọ́ ọ, èébì á máa gbé e, èémí ò ní tó o. Omi á sì hó níbẹ̀ nígbà tí kò tíì gbóná ju nǹkan bí ìwọ̀n 80 lọ dípò 100, ẹ̀wà ò sì ní rọ̀. Òkè tó ga jù lọ ní Nàìjíríà, Chappal Waddi ní Ìpínlẹ̀ Tàràbà, mítà 2,419 ni. Kò sí èyí tó ga tó o lọ́dọ̀ wa ní Èkìtì. Òkè etí títì ni mo fi ń wọn òkè tó wọ inú ìkùukùu.

Mo wá sọ fún àbúrò mi ọkùnrin pé ó yá, ká lọ fi ẹsẹ̀ wa tẹ òkè. Ẹ̀fọ̀n-Aláayè ni ìdílé ìyá mi ti wá, òkè ló sì yí ìlú náà ká. Oṣù Kẹsàn-án ni, òjò ò dá. A wọkọ̀ ní Adó, a gba Ìyìn, Ìgèdè àti Àrámọkọ kọjá. Ìyá mi kékeré tó wà ní Ẹ̀fọ̀n gbà wá lálejò, ó fún wa ní iyán, ó sì kìlọ̀ fún wa. Ó ní, “Ẹ wá ẹni tó mọ ọ̀nà kó mú yín lọ o. Kí ẹ sì ti wà nílẹ̀ kí ọ̀sán tó pọ́n.” Ọ̀sán ti pọ́n nígbà tí a gbéra, àwa méjì nìkan.

Ohun àkọ́kọ́ tí mo rí níbẹ̀ ni pé ọ̀wọ́ òkè kì í ṣe òkè kan tí a tò tẹ̀ lé òmíràn. Àpáta tí mo ti mọ̀ láti kékeré, Olósùnta àti Òróle ní Ìkẹ́rẹ́, dá dúró ni, orí wọn pá, èèyàn lè yí wọn po kó sì mọ ibi tó wà. Ti Ẹ̀fọ̀n gùn lọ ni. Akọ òkúta funfun ni, òkè ń wọ inú òkè, bí ẹ bá rò pé ẹ ti dé orí rẹ̀, ẹ ó rí i pé èjìká òmíràn ni ẹ dúró lé. Òkè méje mi ní Olúmèrè, àpáta méje tí mo tò sórí ìlà ni. Ọ̀kan ò mọ ẹnìkejì. Mo dúró láàárín oko kòkó níbẹ̀, mo sì mọ̀ pé màá tún gbogbo rẹ̀ kọ.

A gùn ún tó wákàtí kan àti ààbọ̀. Oko kòkó tán, ọ̀nà di tóóró, kùrukùru wá ń bọ̀ láti àfonífojì. Ó rẹwà lójú wa. Àbúrò mi yà sí ẹ̀gbẹ́ kan láti ya fọ́tò, nígbà tí màá fi yíjú padà, mi ò rí i mọ́, mi ò rí igi tó wà níwájú mi dáadáa pàápàá.

Mo pè é. Ohùn kan dáhùn lápá ọ̀tún, mo lọ sápá ọ̀tún. Mo tún pè, ohùn náà ti wà lẹ́yìn mi. Òun náà ń pè mí lọ́hùn-ún, ó ń gbọ́ mi níbi tí mi ò sí, ó sì ń rìn lọ síbẹ̀. Gbohùngbohùn ló ń ṣi wá lọ́nà. Ìró máa ń rin nǹkan bíi mítà 340 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, nítorí náà bí ògiri òkúta bá jìnnà sí yín tó mítà 170, ohùn yín á padà sí yín lẹ́yìn ìṣẹ́jú àáyá kan gééré. Lójú mọ́mọ́, ẹ ó rí ògiri náà, ẹ ó sì mọ̀ pé òun ló ń dá yín lóhùn. Nínú kùrukùru, etí nìkan ló kù, òkè sì lè fi ohùn àbúrò ẹni pe ẹni lọ sí ibi tí àbúrò ẹni kò sí. Mi ò tíì gbọ́ ohun tó bà mí lẹ́rù tó bẹ́ẹ̀ rí. Gbogbo ẹyẹ tó ń tu iná tí mo ti kọ, wọn ò tó ìyẹn.

Eré ni mo ń sá nígbà tí ẹsẹ̀ mi tẹ ipa dúdú kan lára òkúta. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn bí ẹ bá máa gun àpáta kankan nílẹ̀ yìí. Àwọn ìlà dúdú tí omi ń gbà sọ̀ kalẹ̀ lára àpáta le, wọ́n sì gbẹ nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, ṣùgbọ́n ohun tó hù sí wọn lára máa ń yọ̀ bí ilá bí òjò bá ti kàn án. Ibi tó funfun tí kò sì dán ni kí ẹ máa tẹ̀. Ẹsẹ̀ mi yẹ̀, mo jókòó lé e, mo gbọ́ tó ró. Kò kán, ṣùgbọ́n mi ò lè tẹ̀ ẹ́. Ìgbà yẹn ni àrá sán.

Mi ò mọ ohun tó yẹ kí n ṣe. Mo mọ̀ ọ́n báyìí. Bí ẹ bá rí mànàmáná, ẹ máa ka iye ìṣẹ́jú àáyá títí àrá á fi sán. Mẹ́ta-mẹ́ta jẹ́ kìlómítà kọ̀ọ̀kan. Bí ohun tí ẹ kà kò bá pé ọgbọ̀n, ó ti sún mọ́ yín jù. Ẹ kúrò lórí góńgó òkè, ẹ má lọ sábẹ́ igi tó dá dúró, bí kò bá sì sí ibi tí ẹ lè sá sí, ẹ lóṣòó, kí ẹ so ẹsẹ̀ pọ̀. Sísọ̀ kalẹ̀ ló sì máa ń ṣe èèyàn léṣe ju gígun òkè lọ, torí ó ti rẹ èèyàn nígbà náà, ilẹ̀ sì ti ń ṣú. Kí agbára fóònù yín kù tó ìdajì kí ẹ tó yí padà.

Bàbá àgbẹ̀ kan ló gbọ́ ariwo wa. Kò pariwo dáhùn. Ó mú àdá rẹ̀, ó ń fi ẹ̀yìn rẹ̀ lu irin ọkọ́, kó, kó, kó, kò dáwọ́ dúró. Ariwo ẹnu máa ń jáde lẹ́ẹ̀kan kó sì parẹ́, ṣùgbọ́n ìró tí kò dáwọ́ dúró, èèyàn lè yí orí síhìn-ín sọ́hùn-ún títí á fi mọ apá ibi tó ti ń wá. Àbúrò mi tẹ̀ lé e dé ọ̀dọ̀ bàbá, àwọn méjèèjì wá rí mi. Èdè Ẹ̀fọ̀n ni bàbá fi bá wa sọ̀rọ̀, èdè tí gbogbo wa ń kọ ni mo fi gbé e síbí. Ó ní, “Ẹ̀yin ọmọ yìí, ẹni méjì tó sọnù kì í wá ara wọn. Kí ọ̀kan jókòó.” Ó gbé mi sí ẹ̀yìn títí dé ahéré rẹ̀.

Nínú ahéré yẹn ni Òkè Agbohùn tòótọ́ ti bẹ̀rẹ̀. Ó sun iṣu fún wa, ó ń sọ̀rọ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Ó sọ àwọn ohun tí òun kì í ṣe lórí òkè: òun kì í pe orúkọ èèyàn bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, òun kì í dá omi sí ojú ọ̀nà ibì kan, òun kì í kọjá ibi igi kan láìkí i. Ìdí àwọn kan yé mi, ti àwọn kan kò yé mi, kò sì sọ fún mi. Kò sí ìbẹ̀rù nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀, kò sì sí àìkàsí. Ó mọ òkè náà, ó sì mọ ohun tí òkè náà ń gbà. Ó tún mẹ́nu kan ogun Kírìjì, èyí tí wọ́n jà láti 1877 sí 1886 lápá Òkèmèsì àti Ìmẹ̀sí-Ilé, tí kò jìnnà síbẹ̀. Ó ní bàbá bàbá òun máa ń sọ fún àwọn pé òkè gba ìró ìbọn wọ̀nyẹn mì, kò tíì pọ̀ ọ́ tán.

Mo sùn sí Ẹ̀fọ̀n pẹ̀lú ẹsẹ̀ wíwú, mo sì ń gbọ́ gbólóhùn yẹn lórí ibùsùn.

Mo pa ẹyẹ rẹ́, mo pa iwin rẹ́, mo pa òkúta tó ń lé èèyàn rẹ́. Kànga nìkan ló dùn mí, èyí tí mo fẹ́ràn jù lọ nínú gbogbo wọn, àmọ́ mo pa á rẹ́. Ohun kan ṣoṣo ló kù: Òkè Agbohùn máa ń gba ohùn èèyàn mì, á sì pọ̀ ọ́ padà nígbà tí kò sẹ́ni tó ní kó ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá sọ̀rọ̀ níbẹ̀, ohùn rẹ̀ á dínkù. Bó bá sọ̀rọ̀ jù, á sọ̀ kalẹ̀ ní odi. Kò sí ońdè tó ń mú un, kò sí ọba tí kì í gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Nígbà tí òfin yẹn ti dúró, èmi kọ́ ni mo ń wá nǹkan kọ mọ́. Àwọn oníyọ̀ gbọ́dọ̀ máa fi aṣọ di ẹnu bí wọ́n bá ń kọjá. Ọmọ wọn gbọ́dọ̀ kọ́ àmì ọwọ́ kí wọ́n tó kọ́ bí wọ́n ṣe ń ka owó. Àwọn ìyá tí ọmọ wọn kú sórí òkè á máa lọ jókòó sí ẹsẹ̀ rẹ̀, bóyá òkè á pọ ohùn ọmọ wọn lọ́jọ́ náà. Àwọn olè á máa lọ gbọ́ àṣírí níbẹ̀. Adájọ́ á ní láti pinnu bóyá ohùn tí òkè pọ̀ jáde jẹ́ ẹ̀rí. Ẹ béèrè lọ́wọ́ ara yín pé ta ló ń jẹun lára òkè yín, ta ló ń sunkún nítorí rẹ̀, ta ló ń bọ ọ́. Olósùnta tó wà ní Ìkẹ́rẹ́ ní àwòrò, ó ní àjọ̀dún ọdọọdún, ó ní àwọn tó ń fi orúkọ rẹ̀ súre. Òkè tí ẹnikẹ́ni ò bá ní èèwọ̀ rẹ̀ lẹ́nu, kò tíì sẹ́ni tó ń gbé ìsàlẹ̀ rẹ̀.

Mo sì fún un ní ara. Ìkógòsì ni mo lọ wò fún èyí, níbi tí omi gbígbóná àti omi tútù ti ń ṣàn pàdé ara wọn. Omi òjò máa ń gba ojú sísán inú akọ òkúta wọ ìsàlẹ̀ ilẹ̀ lọ, ó máa ń gbóná níbẹ̀, ó sì ń padà jáde. Mímọ̀ tí mo mọ ìdí rẹ̀ kò dín ìyanu rẹ̀ kù lójú mi. Nítorí náà, ojú sísán inú òkúta ni ohùn ń gbà wọ inú Òkè Agbohùn, ibi tí sísán náà bá sì pọ̀ sí ni ewu pọ̀ sí, òǹkàwé lè fojú wá a, kó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀rù kí Adétòún tó dé ibẹ̀. Mo jẹ́ kí otútù máa pọ̀ sí i, nǹkan bí ìwọ̀n mẹ́fà àti ààbọ̀ fún ẹgbẹ̀rún mítà kọ̀ọ̀kan, kòkó sì dúró sí ìsàlẹ̀ níbi tó lè gbé.

Lẹ́yìn náà ni mo dé orí tí mo ti ń sá fún. Adétòún rí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nínú kùrukùru, tí ẹ̀gbọ́n náà ń rìn lọ sí etí ọ̀gbun, tó kọ ẹ̀yìn sí i. Àmì ọwọ́ ò lè ràn án lọ́wọ́. Ó lè pè é, ó sì mọ iye tó máa ná an. Mo gbé orí yẹn lé itan fún ìgbà pípẹ́, mò ń wá ọ̀nà tí màá fi yọ ọ́, ọwọ́ mi ti fẹ́ lọ sínú ẹrù rẹ̀ wá ońdè. Mi ò wá a. Ó pè é títí tó fi yíjú padà. Ó gba ẹ̀gbọ́n rẹ̀ là, kò sì sọ̀rọ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà. Mo sunkún nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi, mo sì fi orí náà ránṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Màmá Ìkẹ́rẹ́ pè mí kí ilẹ̀ tó mọ́. Inú ń bí i. Ó ní, “Kí ló dé tí o fi ṣe ọmọ yẹn báyìí?” Mo ní, “Ẹ má bínú, mà, òkè ló gbà á.” Ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá ní ìgbà wo ni orí tó kàn ń bọ̀.

Òdìkejì òkè náà ni mo wà báyìí. Afẹ́fẹ́ tó ń gbé òjò bọ̀ máa ń tú u dà sí apá ọ̀dọ̀ Olúmèrè bó ṣe ń gun òkè, apá ọ̀hún á sì gbẹ; ìdí nìyẹn tí iyọ̀ fi wà lọ́hùn-ún. Adétòún máa dé ọjà wọn láìní ohùn, ó gbọ́dọ̀ ra omi, àmì ọwọ́ ọ̀dọ̀ rẹ̀ kò sì lè jẹ́ ọ̀kan náà pẹ̀lú tiwọn. Mo ti kọ ọ̀rọ̀ ọjà náà, mo tún ti pa á rẹ́. Àbúrò mi ń bá mi ya àmì ọwọ́ ti àwọn ará ọ̀hún sórí ìwé, èyí tó wà fún omi, èyí tó wà fún gbèsè, èyí tí wọ́n fi ń kí àlejò. A ò tíì fẹnu kò lórí èyí tó wà fún orúkọ.